Ta Ni Olè Adìẹ Jẹ Ní Gbèsè?

Bí ẹnìkan bá fo ọgbà opó lóru, tó gbé adìẹ rẹ̀ méjì lọ, ta ló ṣẹ̀? Ṣé opó ni, àbí ìjọba, àbí Ọlọ́hun Ọba? Ẹ má rò pé ọ̀rọ̀ àwọn tó jókòó ti ìwé nìkan nìyẹn. Ìdáhùn tí a bá fún un ló ń pinnu ibi tí olè náà máa sùn lálẹ́, òun náà ló ń pinnu bóyá opó máa rí nǹkan kan mú lọ sílé. Iṣẹ́ akọ̀wé kóòtù ni mo ṣe ní ìlú Kaduna títí mo fi fẹ̀yìn tì. Ìbéèrè yìí ni mo ń bá jí, òun ni mo ń bá sùn.

Kóòtù ní ìdáhùn tirẹ̀, ó sì wà lára ìwé tí àwa akọ̀wé máa ń kọ. Kọmíṣánnà Ọlọ́pàá ni olùpẹ̀jọ́, ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn ni olùjẹ́jọ́. Orúkọ opó kò sí níbẹ̀. Ẹlẹ́rìí lásán ni. Tí wọ́n bá pè é, á wá. Tó bá ti sọ ohun tó rí tán, á sọ̀ kalẹ̀, ẹjọ́ á máa lọ láìsí i. Ìdí tí wọ́n fi ṣe é bẹ́ẹ̀ kò burú. Bí a bá fi ẹ̀san sílẹ̀ fún ẹni tí inú ń bí, apá rẹ̀ lè má mọ níwọ̀n. Ìjọba gba ẹjọ́ lọ́wọ́ onílé kí ìlú má bàa di ogun. Ṣùgbọ́n nígbà tí ìjọba gba ìbínú onílé, ṣe ló gba ẹ̀tọ́ rẹ̀ náà mọ́ ọn lọ́wọ́.

Ọmọ Ọ̀fà ni bàbá mi. Iṣẹ́ rélùwéè ló gbé e wá sí Kaduna Junction, Tudun Wada sì ni wọ́n bí gbogbo wa sí. Èdè Hausa dá ṣáká lẹ́nu mi bíi Yorùbá, ìyẹn ló jẹ́ kí n máa gbọ́ ohun tí àwọn èèyàn ń sọ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ kóòtù kí wọ́n tó wọlé lọ sọ ohun tí wọ́n kọ́ wọn.

Ẹjọ́ adìẹ tí mo ń sọ yìí ṣẹlẹ̀ ṣáájú kí òfin ìgbẹ́jọ́ tuntun ti Kaduna tó dé ní 2017. Ọmọkùnrin kan tó ń fi bárò kó ẹrù fún èèyàn lọ́jà ni wọ́n mú. Kò tíì pé ogún ọdún. Àwọn fijilánté bá adìẹ méjì nínú àpò lọ́wọ́ rẹ̀ ní ìdájí, wọ́n lù ú, wọ́n fà á fún ọlọ́pàá. Ọlọ́pàá kọ FIR, ìwé tí a fi ń bẹ̀rẹ̀ ẹjọ́ lọ́dọ̀ wa ní Òkè Ọya, wọ́n sì gbé òun àti adìẹ wá sí kóòtù. Adájọ́ fún un ní béèlì: kó mú onídùúró kan wá tó jẹ́ òṣìṣẹ́ ìjọba. Ọmọ tó ń sùn sábẹ́ àtẹ ọjà, níbo ni yóò ti mú òṣìṣẹ́ ìjọba wá? Wọ́n gbé e lọ sí ọgbà ẹ̀wọ̀n láti lọ dúró de ìgbẹ́jọ́. Àwọn adìẹ dúró sọ́dọ̀ mi.

Ẹ̀rí ni wọ́n. Mo kọ nọ́ńbà ẹjọ́ sára páálí kékeré méjì, mo fi òwú so ó mọ́ wọn lẹ́sẹ̀, mo kó wọn sínú agọ̀ lẹ́yìn ọ́fíìsì. Ọ̀kan funfun, ọ̀kan pupa rúsúrúsú. Kò sí owó tí ìjọba yà sọ́tọ̀ fún oúnjẹ ẹ̀rí, torí náà èmi ni mo ń ra ọkà bàbà fún wọn láàárọ̀. Wọ́n sún ẹjọ́ síwájú, wọ́n tún sún un. Ọlọ́pàá tó ṣe ìwádìí ti gba ìwé ìṣípòpadà lọ sí ìpínlẹ̀ mìíràn. Adìẹ funfun kú. Pupa rúsúrúsú bẹ̀rẹ̀ sí í yé. Lọ́jọ́ tí opó tó ni àwọn adìẹ náà wá jẹ́rìí, mo di ẹyin náà sínú bébà fún un, nítorí mi ò mọ ẹlòmíràn tó lè ni ín. Ó gbà á, ó wò ó fún ìgbà díẹ̀, ó ní kí Ọlọ́hun san án fún mi.

Nígbà tí ẹjọ́ parí, ọmọ náà gbà pé òun jẹ̀bi. Adájọ́ wo iye oṣù tó ti lò nínú àtìmọ́lé, ó ní ó tó, ó bu owó ìtanràn díẹ̀ lé e. Owó ìtanràn wọ àpò ìjọba. Gbogbo wa ti ń dìde nígbà tí obìnrin náà na ọwọ́ sókè láti orí bẹ́ǹṣì, ó ní, "Ina kajina?" Ó ń bèèrè ibi tí àwọn adìẹ rẹ̀ wà. Mo gbé ọ̀kan tó kù fún un. Fún èkejì, kò sí ẹnikẹ́ni nínú kóòtù tó lè dá a lóhùn, nítorí kò sí ibi kankan nínú ìwé ẹjọ́ tí wọ́n ti kọ ọ́ pé ẹnìkan jẹ ẹ́ ní gbèsè.

Òfin tí wọ́n fi dá ẹjọ́ náà ti rin ìrìn jíjìn kó tó dé Kaduna. Ní 1958, ìjọba Àríwá kó àwọn amòfin jọ lábẹ́ Abu Rannat, adájọ́ àgbà ilẹ̀ Sudan, pé kí wọ́n wá òfin ìwà ọ̀daràn kan tí Mùsùlùmí àti ẹni tí kì í ṣe Mùsùlùmí jọ lè máa gbé lábẹ́ rẹ̀. Òfin Sudan ni wọ́n wò ṣe. Òfin India tí àwọn òyìnbó kọ ní 1860 ni Sudan náà wò. Bẹ́ẹ̀ ni Penal Code ṣe bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 30 oṣù kẹsàn-án 1960, nígbà tí òmìnira ku ọ̀la. Abala 287 rẹ̀ sọ pé ẹni tó bá jalè lè ṣe ẹ̀wọ̀n tó tó ọdún márùn-ún, tàbí kó san owó ìtanràn, tàbí kó ṣe méjèèjì. Owó ìtanràn àti ẹ̀wọ̀n, ìjọba ló ń gba méjèèjì. Lóòótọ́, àyè wà fún adájọ́ láti ní kí wọ́n san gbà-máà-bínú fún ẹni tí wọ́n ṣẹ̀, ṣùgbọ́n ohun tí ojú mi rí ni pé àyè náà kò fi bẹ́ẹ̀ ríṣẹ́ ṣe lórí ẹjọ́ kéékèèké.

Èmi Mùsùlùmí ni mí, mo sì lọ wo ohun tí ẹ̀sìn mi sọ. Ó ní ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Safwan ọmọ Umayya. Ó sùn sí mọ́sálásí, ó fi agbádá rẹ̀ ṣe ìrọ̀rí, olè sì fà á yọ. Wọ́n mú olè náà dé ọ̀dọ̀ Ànábì, kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a. Nígbà tí Safwan rí i bí ìjìyà náà yóò ṣe le tó, ó ní òun ti fi agbádá náà ta á lọ́rẹ. Ànábì bi í pé kí ló dé tí kò ṣe bẹ́ẹ̀ kó tó mú un wá. Àwọn onímímọ̀ rí ẹ̀kọ́ ńlá kọ́ níbẹ̀: ilẹ̀kùn méjì ló wà. Èyí àkọ́kọ́ wà lọ́wọ́ ẹni tí wọ́n ṣẹ̀, ó lè dárí jì, ó lè gba ohun tirẹ̀ padà, kí ọ̀rọ̀ sì parí síbẹ̀. Tí ọ̀rọ̀ bá ti kọjá sí ọ̀dọ̀ adájọ́, gbogbo ìlú ti di ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn, onílé nìkan kò sì lè tì í padà mọ́.

Ṣé èyí wá túmọ̀ sí pé tí ilẹ̀kùn kejì bá ti ṣí, kò sí ohun tó kù ju kí a fìyà jẹ olè? Ẹ jẹ́ ká lọ sínú Muwatta Ìmáàmù Maliki, ẹni tí púpọ̀ jù lọ nínú àwa Mùsùlùmí ilẹ̀ yìí ń tẹ̀ lé ọ̀nà rẹ̀ nínú òfin. Ó ròyìn níbẹ̀ pé àwọn ẹrú Hatib jí abo ràkúnmí ọkùnrin kan láti ẹ̀yà Muzayna, wọ́n dúńbú rẹ̀. Wọ́n mú wọn dé ọ̀dọ̀ Umar ọmọ Khattab, ẹni tó jẹ́ olórí àwọn Mùsùlùmí nígbà náà. Umar ti ní kí wọ́n gé wọn lọ́wọ́. Ó wá dúró, ó kọjú sí ọ̀gá wọn, ó ní ó jọ pé ṣe ló ń febi pa wọ́n. Ó bi olóhun ní iye tí ràkúnmí náà tó. Olóhun ní irínwó dirham. Umar ní kí ọ̀gá àwọn ẹrú san ẹgbẹ̀rin. Ìmáàmù Maliki tó pa ìtàn yìí mọ́ fún wa sọ ọ́ gbangba pé àwọn kì í san owó ní ìlọ́po méjì ní Medina, iye tí ẹran náà tó lọ́jọ́ tí wọ́n gbé e ni wọ́n ń san. Ṣùgbọ́n lórí pé kí olóhun gba owó ohun rẹ̀, kò ta ko Umar.

Ẹ wo ohun tí Umar ṣe. Ẹjọ́ ti dé ọ̀dọ̀ rẹ̀, ilẹ̀kùn kejì ti ṣí, síbẹ̀ ó wá ìdáhùn sí ìbéèrè mẹ́ta: kí ló mú wọn jalè, ta ló fa ebi náà, èló ni ohun tó sọ nù? Ìbéèrè mẹ́tẹ̀ẹ̀ta yìí kò sí lára ohun tí wọ́n ń bi olè adìẹ ní kóòtù tí mo ti ṣiṣẹ́. "Ṣé o jẹ̀bi àbí o kò jẹ̀bi?" ni wọ́n ń bi í.

Mo gbé ọ̀rọ̀ yìí dé ọ̀dọ̀ ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi, Ìyá Bọ́láńlé. Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni, onítẹ̀bọmi ni, aṣọ ló ń tà. Lẹ́yìn ìjà Shàríà ti ọdún 2000, tí ọ̀pọ̀ Mùsùlùmí kó sí apá àríwá ìlú, tí ọ̀pọ̀ Kìrìsìtẹ́nì kó sí ìkọjá odò, òun àti ẹ̀gbọ́n mi kó lọ sí Sabon Tasha. Ó gbọ́ mi tán, ó fi yáàdì rẹ̀ lélẹ̀.

"Akọ̀wé," ó ní, "ẹ̀ ń ṣàánú olè. Ta ló ń ṣàánú ẹni tí wọ́n jà lólè? Ẹ̀ ń pè é ní ẹ̀ṣẹ̀ kékeré. Kékeré lójú ta ni? Adìẹ méjì, ó lè jẹ́ owó ilé ìwé ọmọ ni. Bí wọ́n bá jí ìdì àǹkárá kan níbí, èrè ọ̀sẹ̀ kan ti lọ nìyẹn. Ẹ fi olè sílẹ̀, lọ́la á gbé máṣìnì."

Mi ò lè já a ní koro, òótọ́ ló sọ. Ojú olówó ni olè kékeré ti kéré. Tálákà ni olè kékeré máa ń jí ẹrù wọn, nítorí ọgbà olówó ga, ajá sì wà níbẹ̀. Ẹni tó bá ń ṣàánú olè, tí kò ṣàánú opó, kò tíì mọ ohun tí àánú jẹ́. Mo wá bi í léèrè: "Ìyá Bọ́láńlé, tí wọ́n bá jí ìdì àǹkárá yín, tí wọ́n ju olè náà sẹ́wọ̀n oṣù mẹ́ta, kí lẹ máa rí gbà?"

Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó ní, "Mi ò ní rí nǹkan kan gbà. Èmi ni màá tún máa wọ ọkọ̀ lọ jẹ́rìí." Òun fúnra rẹ̀ ló wá rán mi létí ohun tó wà nínú Bíbélì: òfin Mósè kò fi olè àgùntàn sẹ́wọ̀n, ó ní kó fi mẹ́rin san ọ̀kan. Ìwé Òwe náà gbà pé èèyàn kì í kẹ́gàn ẹni tí ebi mú jalè, síbẹ̀ tí wọ́n bá mú un, yóò san án ní ìlọ́po méje. Sákéù sì ṣèlérí ìlọ́po mẹ́rin lójú gbogbo èèyàn, ìgbà yẹn ni Jésù sọ pé ìgbàlà ti wọ ilé rẹ̀. "Kó san án," ó ní. "Bí kò bá ní, kó ṣiṣẹ́ san án. Ẹ̀wọ̀n kò san gbèsè mi."

Ibi tí èmi Mùsùlùmí àti òun Kìrìsìtẹ́nì ti pàdé nìyẹn. Kò jìnnà sí ohun tí bàbá mi máa ń sọ nípa oko Ọ̀fà nígbà tó wà lọ́mọdé. Bí ebi bá pa arìnrìn-àjò, ó lè wú iṣu kan, kó sun ún jẹ nínú oko, kò sí ẹni tó máa pè é lólè. Ṣùgbọ́n bó bá di iṣu sórí tó ń gbé e lọ, olè ni. Àwọn baba wa kò pa ojú dé sí olè jíjà o. Wọ́n máa ń fi olè yípo ọjà tòun ti ohun tó jí, ìtìjú náà sì gbóná. Ṣùgbọ́n wọ́n mọ ìyàtọ̀ ebi sí ojúkòkòrò, wọ́n sì mọ̀ pé bí a bá fi ọwọ́ òsì na ọmọ, ọwọ́ ọ̀tún la fi ń fà á mọ́ra. Ẹ̀wọ̀n tiwa ní ọwọ́ òsì, kò ní ọwọ́ ọ̀tún. Ọ̀dọ́kùnrin tó wọlé nítorí adìẹ, àárín adigunjalè ló ń sùn. Nínú gbogbo àwọn tó wà ní ọgbà ẹ̀wọ̀n Nàìjíríà, nǹkan bí ìdá méjì nínú mẹ́ta ni kò tíì gba ìdájọ́ kankan. Wọ́n ń dúró de ọjọ́ ẹjọ́ ni, bíi ti ọmọ tó ń ti bárò.

Ohun kan tún wà tó ń ba òfin jẹ́ lójú tálákà. Ní oṣù kìíní 2013, ilé ẹjọ́ gíga kan ní Abuja dá òṣìṣẹ́ ìjọba kan lẹ́bi lórí owó ìfẹ̀yìntì àwọn ọlọ́pàá, owó tó jẹ́ ọ̀pọ̀ bílíọ̀nù. Wọ́n ní kó ṣẹ̀wọ̀n ọdún méjì tàbí kó san ₦750,000. Ó san án, ó gba ilé lọ. Ní oṣù kẹrin ọdún yẹn kan náà, ilé ẹjọ́ kan ní Òṣogbo rán ọkùnrin kan lọ sẹ́wọ̀n ọdún 45 lórí ẹ̀sùn tí fóònù gómìnà tó jí wà nídìí rẹ̀. Lóòótọ́, ilé ẹjọ́ kòtẹ́milọ́rùn yí ìdájọ́ Abuja padà ní 2018, ó sọ ọ́ di ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́fà. Àmọ́ ọdún márùn-ún ti kọjá, tálákà sì ti rí ohun tó rí. Ànábì kìlọ̀ nípa èyí gan-an: ó ní ohun tó pa àwọn ìran ìṣáájú run ni pé bí ẹni ńlá wọn bá jalè, wọ́n á fi í sílẹ̀, bí aláìlágbára bá jalè, wọ́n á fi ìyà òfin jẹ ẹ́.

Irú ẹjọ́ mìíràn tún wà tí kò sí ẹni tí wọ́n jà lólè níbẹ̀ rárá. Penal Code ní abala tó ń fi ìyà jẹ ẹni tí kò níṣẹ́ tó ń rìn kiri. Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, níbi tí òfin 1824 ti sọ arìnkiri di ọ̀daràn, ni irú òfin bẹ́ẹ̀ ti wá. Ìjọba ológun Nàìjíríà fúnra rẹ̀ fòfin de ẹ̀sùn rírìn gbéregbère ní 1989. Ní 2017, ilé ẹjọ́ gíga Malawi fagi lé irú òfin yìí lórí ẹjọ́ ọkùnrin kan tí wọ́n mú ní ìdájí nígbà tó ń lọ ta báàgì ọ̀rá lọ́jà. Ní oṣù kejìlá 2020, Ilé Ẹjọ́ Áfíríkà ní Arusha sọ pé irú òfin wọ̀nyí tako ẹ̀tọ́ ọmọ ènìyàn. Síbẹ̀, ní Kaduna níbí, láti 2015 tí ìjọba ti fòfin de ìkiri ọjà àti agbe títọrọ ní títì lẹ́yìn bọ́ǹbù tó bú ní Zaria, ọ̀pọ̀ ọmọ tó ń ta omi inú ọ̀rá ló ti ń sá fún òṣìṣẹ́ ìjọba bí ẹni tó pa èèyàn. Mo mọ̀ pé ààbò ìlú ṣe pàtàkì. Ṣùgbọ́n ta ni ẹni tó ń ta omi tútù jẹ ní gbèsè? Tí a kò bá lè tọ́ka sí ẹnìkan, kò yẹ kí ilé ẹ̀wọ̀n wọ ọ̀rọ̀ náà.

Inú mi dùn láti sọ pé òfin fúnra rẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í rí àléébù yìí. Òfin ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn ti ìjọba àpapọ̀ tó jáde ní 2015 gba adájọ́ láyè láti fi iṣẹ́ sísin ìlú rọ́pò ẹ̀wọ̀n, ó sì sọ ìdí rẹ̀ síta: kí ọgbà ẹ̀wọ̀n má kún jù, kí ẹni tó ṣẹ ẹ̀ṣẹ̀ kékeré má lọ kọ́ iṣẹ́ lọ́dọ̀ ọ̀daràn paraku. Ó tún ka á léèwọ̀ láti mú ìyá tàbí arákùnrin ẹni tí wọ́n ń wá dípò rẹ̀. Kaduna ṣe tirẹ̀ ní 2017. Òfin àjọ tó ń tún ìwà ẹlẹ́wọ̀n ṣe, tó jáde ní 2019, gbé ìjìyà tí kò ní ẹ̀wọ̀n nínú kalẹ̀, títí kan ètò tí olè àti ẹni tó jà lólè yóò fi jókòó pọ̀ láti yanjú ọ̀rọ̀. Ilẹ̀kùn ti ṣí sílẹ̀ báyìí. Ohun tó kù ni kí adájọ́ bá ibẹ̀ kọjá, kí ìjọba sì pèsè òṣìṣẹ́ tí yóò máa mójú tó ẹni tó ń gbálẹ̀ ọjà láti san gbèsè rẹ̀.

Ìdáhùn mi sí ìbéèrè tí mo fi bẹ̀rẹ̀ nìyí. Olè adìẹ ṣẹ Ọlọ́hun, ìrònúpìwàdà ni yóò fi bá Ọlọ́hun rẹ́. Ó ṣẹ ìlú, iṣẹ́ ni kó ṣe fún ìlú. Ṣùgbọ́n opó ló jẹ ní gbèsè, gbèsè opó ló sì gbọ́dọ̀ ṣáájú. Ẹ̀yin adájọ́, kí ẹ tó kọ iye oṣù sílẹ̀, ẹ bi ẹni tí wọ́n jà lólè ní ohun tó sọ nù, kí ẹ sì wá ọ̀nà tí yóò fi tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́. Ẹ̀yin ọlọ́pàá, ẹ ya àwòrán adìẹ, kí ẹ dá a padà fún olóhun lọ́jọ́ náà. Ẹ̀yin aráàlú, bí ọ̀rọ̀ bá ṣì wà lẹ́nu ilẹ̀kùn àkọ́kọ́, ẹ fi àgbà àdúgbò sí i, kí olè san ohun tó gbé, kí ẹ sì jẹ́ kó lọ, nítorí a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Ẹ má gbé táyà, ẹ má gbé pẹtiróòlù. Ẹ̀mí èèyàn kì í ṣe owó adìẹ. Bí kóòtù bá sì dájọ́ tán tí opó lọ sílé lọ́wọ́ òfo, ẹjọ́ náà kò tíì parí.